Ṣé kí n ta ìtàn fíìmù mi, àbí kí n gbé e jáde fúnra mi?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ti kọ ìwé fíìmù kan tán, ojú ewé 96. Ẹnì kan tó ń gbé fíìmù jáde ní Mọ́kọ́lá níbí fẹ́ rà á. Ó ní kí n fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp, pé a ó sọ̀rọ̀ owó tí wọ́n bá yà á tán. Ṣé kí n fún un, àbí kí n wá owó gbé e jáde fúnra mi?

Ìdáhùn: Àbúrò, má tíì fi ránṣẹ́. Bí wọ́n bá yà á tán, kí lo tún fẹ́ fi ná ọjà?

Òfin ẹ̀tọ́ àdàkọ (copyright) ti ọdún 2022 wà lẹ́yìn rẹ. Gbàrà tí o ti kọ ìtàn náà sílẹ̀ ló ti di tìrẹ, bí o kò tiẹ̀ forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ níbì kankan. Èrò tó ṣì wà lẹ́nu nìkan ni kò ní ààbò, nítorí náà, má máa ro ìtàn fún èèyàn ní búkà. Òfin yìí kan náà ló ní kò sẹ́ni tó lè gba ẹ̀tọ́ yẹn lọ́wọ́ rẹ àfi nípa ìwé àdéhùn. Ìwé yẹn ni kí o bèèrè: iye owó, ọjọ́ tí wọn yóò san án, bí orúkọ rẹ yóò ṣe hàn, àti bóyá fíìmù kan ṣoṣo ni wọ́n rà tàbí apá kejì wà níbẹ̀. Apá kejì yìí ló dùn mí jù. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀, mo bu ọwọ́ lu ìwé tí n kò kà tán. Wọ́n ṣe apá kejì, n kò rí kọ́bọ̀ gbà.

Gbígbé fíìmù jáde, iṣẹ́ ọ̀tọ̀ ni. Ojú ewé kan tó bí ìṣẹ́jú kan, nítorí náà fíìmù rẹ yóò lé ní wákàtí kan ààbọ̀. Mú bírò pupa, kí o fàlà sábẹ́ gbogbo ìran alẹ́ àti gbogbo ìran elérò. "Ọjà Dùgbẹ̀, ọ̀sán, èrò ń wọ́" kò gbà ju ìlà kan lọ lórí ìwé, ṣùgbọ́n ìwọ ni yóò bá àwọn ọlọ́jà sọ̀rọ̀, tí yóò bọ́ èrò, tí yóò ra epo jẹnẹrétọ̀. Ṣé ìsọ̀ kan kò lè gba ìran náà?

Ní tèmi, ta èyí, pẹ̀lú ìwé tí lọ́yà ti kà. Kí o wá kọ fíìmù kúkúrú kan, èèyàn méjì, àgbàlá kan, kí o fi kọ́ iṣẹ́ ìgbéjáde.