Béèlì nínú ẹjọ́ tó le: ohun tí adájọ́ ń wò

Àǹtí, ẹ kú ìrọ́jú. Ẹ ní májísíréètì sọ pé òun ò lágbára láti fún àbúrò yín ní béèlì lórí ẹ̀sùn ìdigunjalè, wọ́n sì ti gbé e lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n Iléṣà. Ẹ ń béèrè bóyá owó ló fẹ́ gbà. Rárá o. Ẹjọ́ tí ìjìyà rẹ̀ jẹ́ ikú kọjá agbára májísíréètì. Ilé ẹjọ́ gíga nìkan ló lè gba béèlì rẹ̀ wọlé, torí náà ẹ má dúró de ọjọ́ tí wọ́n sún ẹjọ́ sí. Kí lọ́yà yín gba ibẹ̀ lọ báyìí.

Wọ́n fẹ̀sùn ìpànìyàn kan ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin lẹ́yìn ìjà kan ní Òkè-Báálẹ̀ níbí ní Òṣogbo, èmi ni mo ń sáré ẹjọ́ náà. Adájọ́ kì í wo omijé ẹbí. Ohun tó ń wò ni: ṣé ẹni yìí máa padà wá sí kóòtù? Ṣé kò ní lọ halẹ̀ mọ́ àwọn ẹlẹ́rìí? Báwo ni ẹ̀rí tó wà nílẹ̀ ṣe lágbára tó? Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ti to nǹkan wọ̀nyí sílẹ̀ nínú ẹjọ́ béèlì Ọ̀gágun Ishaya Bamaiyi, olórí ọmọ ogun orí ilẹ̀ tẹ́lẹ̀, ní 2001. Òótọ́ ni pé abala 36 ìwé òfin 1999 ní a ò gbọdọ̀ pe ẹnikẹ́ni ní ọ̀daràn títí ẹ̀rí yóò fi dé, ṣùgbọ́n nínú ẹjọ́ ikú, ìyẹn nìkan ò tó. Òfin ìjọba àpapọ̀ ti 2015 lórí ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn (ACJA), abala 161, ń fẹ́ ìdí pàtàkì: àìsàn, tàbí kí ìwádìí àti ìgbẹ́jọ́ ti falẹ̀ kọjá ọdún kan, tàbí ìdí mìíràn tó bá tó lójú adájọ́. Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun náà ní òfin tirẹ̀, lọ́yà yín á mọ̀ ọ́n.

Ọ̀rọ̀ àìsàn yẹn ni kẹ́ ẹ fara balẹ̀ sí. Lẹ́tà àkọ́kọ́ tí ilé ìwòsàn ìjọba fún wa kàn sọ pé ẹ̀gbọ́n mi ní àtọ̀gbẹ. Agbẹjọ́rò ìjọba dìde, ó ní ọ̀pọ̀ ẹlẹ́wọ̀n ló ní in, ọgbà ẹ̀wọ̀n sì ní dókítà. Òfin wà lẹ́yìn rẹ̀: ẹ gbọ́dọ̀ fi hàn pé ibi tí wọ́n fi aláìsàn sí kò lè tọ́jú rẹ̀. Nínú lẹ́tà kejì ni dókítà ti kọ ọ́ pé egbò ẹsẹ̀ rẹ̀ ti ń rà, pé ó nílò kí wọ́n máa wẹ̀ ẹ́ lójoojúmọ́ àti insulin tó ń gbé inú fíríìjì, kílíníìkì ibẹ̀ ò sì ní ohun tí wọ́n lè fi ṣe é. Gbólóhùn yẹn gan-an ni adájọ́ kà sókè nígbà tó ń gbé ìdájọ́ béèlì kalẹ̀. Ẹ má náwó sórí lẹ́tà ilé ìwòsàn aládàáni, dókítà ìjọba ni òfin dárúkọ.

Bí àbúrò yín ò bá ṣàìsàn, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má parọ́ rẹ̀. Ẹ to ọjọ́ jọ: ọjọ́ tí wọ́n mú un, ọjọ́ tó dé kóòtù, ìgbà tí ìjọba ò yọjú. Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé ìbúra (affidavit), pẹ̀lú ibi tó ń gbé, iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀, ìyàwó àti ọmọ rẹ̀, àti bóyá fúnra rẹ̀ ló lọ bá ọlọ́pàá. "Ọmọ dáadáa ni" ò ṣe nǹkan kan fún adájọ́. Bí ìjọba bá sì fi ìwé ìbúra tiwọn dá yín lóhùn, ẹ fèsì, torí ohun tẹ́ ẹ ò bá ta kò, adájọ́ lè gbà á ní òótọ́.

Ẹ ti máa wá onídùúró tó nílé tàbí tó ń ṣiṣẹ́ ìjọba. Ẹnì kan ní kóòtù kọ̀ láti gba àǹtí tiwa ní onídùúró ẹ̀gbọ́n mi torí pé obìnrin ni, àfìgbà tí lọ́yà ṣí abala 167 òfin 2015 yẹn hàn án, ibi tó ti ní a ò gbọdọ̀ torí ìyẹn kọ obìnrin.

Bí adájọ́ bá kọ̀, kí lọ́yà bẹ̀bẹ̀ lójú ẹsẹ̀ fún ìgbẹ́jọ́ kíákíá. Ẹ tún lè pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn.

Ọjọ́ wo ni wọ́n mú un, ṣé wọ́n sì ti kọ ìwé ẹ̀sùn sí ilé ẹjọ́ gíga? Ẹ dá mi lóhùn lórí méjèèjì, kí n lè sọ èyí tó kàn fún yín.