Báwo ni mo ṣe lè fi slow cooker (ìkòkò oníná mànàmáná tó ń se oúnjẹ díẹ̀díẹ̀) se ẹran màlúù pẹ̀lú èròjà díẹ̀?

Ẹran èjìká màlúù kílò 1, àlùbọ́sà ńlá 2, pòtétò 4, iyọ̀ àti omi ife 1 ti tó. Èjìká ni kí ẹ rà: iṣan líle inú rẹ̀ ló ń yọ́ díẹ̀díẹ̀ tí ẹran fi ń rọ̀, tí omi rẹ̀ sì ń dùn. Pòtétò àti àlùbọ́sà ni kó wà nísàlẹ̀, torí pòtétò kì í tètè jinná nínú ìkòkò yìí. Ẹ yí ìkòkò náà sí Low (ooru kékeré) fún wákàtí 8, tàbí High (ooru ńlá) fún wákàtí 4 sí 5. Èmi a máa fi ata rodo 1 sí i. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má máa ṣí ìdérí, ooru tó bá jáde kì í tètè padà. Ẹran tó ṣì dì kò gbọdọ̀ wọ inú rẹ̀; ẹ jẹ́ kó yọ́ nínú fíríìjì mọ́jú.