Fóònù kọ “Delivered”, ta ló wá sọ pé ó ti kà á?

Ìbéèrè

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹnjiníà. Àdìrẹ ni mò ń tà ní Ìtòkú. Oníbàárà mi kan gbé ọjà àwìn láti ìgbà ọdún Iléyá, ó sì ku 81,000 náírà lọ́wọ́ rẹ̀. Mo ti fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ sí i léraléra. Gbogbo rẹ̀ ni fóònù mi kọ “Delivered” sí, èyí tó fi hàn pé ó ti kà á, ó kàn ń díbọ́n ni. Mi ò tíì pè é, torí mi ò fẹ́ kó dìjà. Ọmọkùnrin kan tó ń tún fóònù ṣe ní òun lè bá mi tan máàkì búlúù sórí àtẹ̀jíṣẹ́ bíi ti WhatsApp, kí n lè máa rí aago tí wọ́n kà á. 10,000 náírà ló ní kí n mú wá, pẹ̀lú nọ́ńbà oníbàárà náà. Ọmọ àbúrò mi náà sọ pé lórí fóònù tòun, ó máa ń hàn bí wọ́n bá ti ka àtẹ̀jíṣẹ́. Ṣé kí n san án?

Ìyá Aláàdìrẹ, Ìtòkú, Abẹ́òkúta

Ìdáhùn

Ẹ má san kọ́bọ̀, ìyá wa. Mo tètè sọ ìyẹn kó má baà sọnù sáàárín ọ̀rọ̀, torí irú ìbéèrè yìí ti sú mi í gbọ́ ní ṣọ́ọ̀bù mi ní Pánṣẹ́kẹ́. Kì í ṣe ẹ̀yin tí ẹ ń béèrè lẹ sú mi o. Àwọn tó ń fi í jẹun ló sú mi.

Ọ̀rọ̀ gbèsè yẹn, màá dé ibẹ̀. Ohun tí mo fẹ́ kọ́kọ́ wó lulẹ̀ ni gbólóhùn kan tí ẹ sọ bí ẹni pé kò sí àríyànjiyàn nínú rẹ̀, pé “Delivered” fi hàn pé ó ti kà á. Kò fi hàn. Kò tilẹ̀ sún mọ́ ọn.

Ẹ jẹ́ ká tẹ̀ lé àtẹ̀jíṣẹ́ yín láti Ìtòkú. Bí ẹ bá ti fi ránṣẹ́, kì í lọ tààrà sọ́dọ̀ oníbàárà. Másìtì tó wà nítòsí yín ló gbà á, ó gbé e fún kọ̀ǹpútà kan ní iléeṣẹ́ nẹ́tíwọọ̀kì yín. Iṣẹ́ kọ̀ǹpútà yẹn kò ju kó gba àtẹ̀jíṣẹ́, kó tọ́jú rẹ̀, kó sì wá ẹni tó ni ín kàn. Àwa oníṣẹ́ ń pè é ní SMSC. Ó máa béèrè pé níbo ni síìmù yìí wà báyìí. Bí fóònù náà bá wà ní títàn tí nẹ́tíwọọ̀kì sì dára, ó gbé e lọ lójú ẹsẹ̀. Bí fóònù bá ti kú torí pé wọn ò mú iná wá ní Ọbáńtokò láti àná, SMSC á di àtẹ̀jíṣẹ́ náà mú, á máa gbìyànjú títí. Ó ní àkókò tí wọ́n dá fún un. Bí àkókò yẹn bá kọjá láìrí fóònù, á sọ ọ́ nù. Ìdí nìyẹn tí àtẹ̀jíṣẹ́ tí ẹ fi ránṣẹ́ láàárọ̀ fi lè kọ “Delivered” ní alẹ́.

Wàyí o, nígbà tí fóònù bá gbà á, fóònù fúnra rẹ̀ ló ń dáhùn pé òun ti gbà. Ènìyàn kankan kò fọwọ́ kàn án. Ó lè wà nínú àpò ẹni tó ń wa ọkọ̀, ó lè wà lẹ́nu ṣáájà ní yàrá, ẹni tó ni ín lè máa hanrun. Ọmọ ọ̀dọ̀ tó gba ìwé lẹ́nu ọ̀nà ni fóònù yẹn: ó lè fọwọ́ sí i pé òun gbà á, kò lè fọwọ́ sí i pé ọ̀gá òun ti ṣí i. Ìdáhùn fóònù yìí ni SMSC dá padà sí yín, òun ló di “Delivered”. Lẹ́yìn ìyẹn, kò sí ìròyìn mìíràn tó ń padà bọ̀. Bóyá ó kà á, bóyá ó pa á rẹ́, bóyá ó fi han ìyàwó rẹ̀, nẹ́tíwọọ̀kì kò gbọ́, kò sì sí ibi tí yóò ti gbọ́.

Bí wọ́n ṣe kọ́ ọ nìyẹn láti ìbẹ̀rẹ̀. Ọjọ́ 3 oṣù Kejìlá ọdún 1992 ni wọ́n fi àtẹ̀jíṣẹ́ àkọ́kọ́ ránṣẹ́ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n sì fi kí ẹni tó gbà á kú ọdún Kérésì. Àwọn tó ṣe ètò náà fi àyè sílẹ̀ fún ìròyìn pé “ó ti dé”. Wọn ò fi àyè kankan sílẹ̀ fún ìròyìn pé “wọ́n ti kà á”. Ohun tí kò sí nínú ètò, kò sí ẹnjiníà tó lè fi 10,000 náírà tan án.

Ẹ wá wo bí “Delivered” ṣe lè wà kí oníbàárà yín má sì mọ nǹkan kan. Bí ó bá ti búlọ́ọ̀kì nọ́ńbà yín, fóònù rẹ̀ ló ń dá àtẹ̀jíṣẹ́ yín dúró, lẹ́yìn tó ti gbà á tán. Nítorí náà lọ́dọ̀ yín, “Delivered” náà ni. Àwọn fóònù kan tún wà tó ń fura sí àtẹ̀jíṣẹ́ tó bá ní ọ̀rọ̀ owó àti nọ́ńbà àkáǹtì nínú, wọ́n á jù ú sínú Spam láì dún, láì tan iná. Tàbí kó jẹ́ pé síìmù yẹn wà nínú fóònù tọ́ọ̀ṣì kékeré kan tí ọmọ rẹ̀ fi ń ṣe géèmù. Tàbí kó má tilẹ̀ jẹ́ òun ló ni nọ́ńbà náà mọ́, torí síìmù tí wọn kò lò fún ìgbà pípẹ́, iléeṣẹ́ lè gbà á padà kí wọ́n tà á fún ẹlòmíràn. Mo ti rí ẹni tó ń fi àtẹ̀jíṣẹ́ bú àjèjì tí kò mọ̀wọ̀n mọ̀ràn.

Mi ò sọ pé oníbàárà yín kò díbọ́n o. Ó lè máa díbọ́n dáadáa. Ohun tí mò ń sọ ni pé fóònù yín kò lè bá yín jẹ́rìí sí i.

Ọ̀nà tí ọmọkùnrin yẹn lè gbà tàn yín, mo mọ̀ ọ́n. Yóò gba fóònù yín, yóò wọ Settings ibi àtẹ̀jíṣẹ́, yóò sì fi ọ̀rọ̀ kan tó ń jẹ́ “Read report” hàn yín. Òótọ́ ni, ó wà níbẹ̀ lórí àwọn fóònù kan. MMS ló wà fún, ìyẹn àtẹ̀jíṣẹ́ tí wọ́n fi ń fi àwòrán ránṣẹ́ kí WhatsApp tó gba ìgboro. Kò kan àtẹ̀jíṣẹ́ lásán rárá. Ó tẹ̀ ẹ́, ó gba owó, ó lọ. Bí ẹ bá padà wá lọ́la pé ẹ ò rí nǹkan kan, á ní nẹ́tíwọọ̀kì ni.

Ẹni tó kàn fi “Read report” jẹ yín lówó tilẹ̀ sàn. Èyí tó ń bà mí lẹ́rù ni ẹni tó bá ní kí ẹ jẹ́ kí òun kó áàpù kan sórí fóònù yín. Áàpù tí ẹ bá gbà láàyè láti ka àtẹ̀jíṣẹ́ yóò ka gbogbo àtẹ̀jíṣẹ́, títí kan OTP, ìyẹn nọ́ńbà ìkọ̀kọ̀ tí báńkì ń fi ránṣẹ́ kí owó tó jáde. Ẹ̀yin tí ẹ ń wá 81,000 lè wá pàdánù owó ọjà. Èkejì, kí ni ó fẹ́ fi nọ́ńbà oníbàárà ṣe? Bó bá ní òun yóò wọ inú fóònù tàbí WhatsApp rẹ̀, ẹ dìde kúrò níbẹ̀. Òfin Cybercrimes ti ọdún 2015 kò fàyè gba wíwọ inú ẹ̀rọ ẹlòmíràn láìgbàṣẹ. Èmi kì í ṣe lọ́yà, àmọ́ mo mọ̀ pé ẹni tó sanwó fún irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kò ní lè dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

Ti ọmọ àbúrò yín ńkọ́? Kò purọ́. Ohun tó ń rí ń jẹ́ RCS. Lórí fóònù Android tó bá ń lo áàpù Messages ti Google, bí àwọn méjèèjì tó ń kọ̀wé síra wọn bá tan RCS tí wọ́n sì ní dátà, ọ̀rọ̀ wọn kò gba ọ̀nà àtẹ̀jíṣẹ́ mọ́. Orí íntánẹ́ẹ̀tì ló ń gbà, inú áàpù kan náà ni wọ́n sì ń rí i, ìdí nìyẹn tó fi jọ àtẹ̀jíṣẹ́ lójú. RCS máa ń fi hàn pé wọ́n ti kà á, bí ẹni tó gbà á kò bá ti pa á. iPhone sí iPhone náà ní tirẹ̀, iMessage, láti ọdún 2011. Ọdún 2024 ni Apple tó gba RCS wọlé, ó sì tún kù sọ́wọ́ iléeṣẹ́ nẹ́tíwọọ̀kì. Bí ẹ bá fẹ́ gbìyànjú RCS, ọ̀fẹ́ ni: ẹ ṣí Messages, ẹ wọ Messages settings, ẹ wá RCS chats. Fóònù yàtọ̀ síra, ó lè má jókòó síbi kan náà lórí tiyín. Oníbàárà náà gbọ́dọ̀ ti tan tirẹ̀ pẹ̀lú, ẹ ò lè bá a tan án láti Ìtòkú.

Níwọ̀n bí ẹ ti dárúkọ WhatsApp, ẹ jẹ́ kí n yára sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀, torí ibẹ̀ gan-an ni ìjà ti ń ṣẹlẹ̀ nílé àwọn èèyàn. Máàkì kan aláwọ̀ eérú: ó ti kúrò lọ́wọ́ yín. Méjì aláwọ̀ eérú: ó ti dé orí fóònù ẹni náà, tàbí kọ̀ǹpútà tó so mọ́ ọn. Méjì búlúù: wọ́n ti ṣí ojú ìwé ọ̀rọ̀ yín. Oṣù Kọkànlá ọdún 2014 ni búlúù yẹn dé. Ẹ ṣàkíyèsí pé “wọ́n ti ṣí i” ni mo sọ. Bó bá jẹ́ ọmọ ló ń fi fóònù bàbá rẹ̀ ṣeré, búlúù náà ni yóò yọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹni tó ka ọ̀rọ̀ yín láti òkè fóònù, níbi tí ìfitónilétí ti ń yọ, ti kà á tán, àmọ́ lọ́dọ̀ yín eérú ló ṣì wà. Ẹni tó bá sì pa “Read receipts” nínú Privacy, ẹ ò ní rí búlúù rẹ̀ láéláé. Òun náà kò ní rí tiyín. Gúrúùpù nìkan ni kò ṣeé pa, àti fóìsì nóòtì, ibi tí wọ́n ti máa rí i pé ẹ ti gbọ́ ọ. Máàkì kan tó dúró fún ọjọ́ púpọ̀ lè jẹ́ búlọ́ọ̀kì, ó sì lè jẹ́ pé dátà ló tán. Ẹ má ti ìtorí rẹ̀ kó ẹrù ọkọ yín síta.

Ẹ tún ṣọ́ra fún Telegram, torí méjì níbẹ̀ ni “wọ́n ti kà á”. Ẹni tó ti mọ́ lára pẹ̀lú WhatsApp máa ń ṣì í gbọ́. Ní ti GB WhatsApp tí wọ́n ń pín kiri pé ó ń pa búlúù mọ́, kì í ṣe iléeṣẹ́ WhatsApp ló ṣe é, wọ́n lè ti nọ́ńbà yín pa nítorí rẹ̀. Mi ò kí ń fi sórí fóònù ẹnikẹ́ni, ẹ má bẹ̀ mí.

Ó wá ku gbèsè yín. Ẹ pè é. Mo mọ̀ pé ẹ sọ pé ẹ ò fẹ́ kó dìjà, àmọ́ ìpè kì í ṣe ìjà, fífi ọkàn ka ohun tí kò sí nínú “Delivered” ló ń dìjà. Ẹ kí i, ẹ béèrè ilé àti ọmọ, kí ẹ wá bi í pé ṣé ó rí àtẹ̀jíṣẹ́ yín. Bí kò bá gbé e, ẹ fi àtẹ̀jíṣẹ́ kan ṣoṣo ránṣẹ́ kí ẹ sì ní kó dáhùn pé “mo ti rí i”. Ìdáhùn yẹn nìkan ló jẹ́ ẹ̀rí pé ẹnì kan kà á. Bó bá di ọ̀rọ̀ kóòtù, ẹ má pa àtẹ̀jíṣẹ́ kankan rẹ́, ẹ má sì ya àwòrán rẹ̀ kí ẹ ní ó tó. Abala 84 Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 ní ohun tó ń béèrè kí kóòtù tó gba ohun tó ti inú ẹ̀rọ jáde. Lọ́yà ni kí ẹ bi nípa ìyẹn.

Nǹkan kan ṣì wà. Mo rí àtẹ̀jíṣẹ́ tí ẹ dà kọ mọ́ ìbéèrè yín. Mi ò gbé e síbí torí orúkọ oníbàárà wà nínú rẹ̀. Ẹ ti kọ́kọ́ kí i kú ọjọ́ mẹ́ta, ẹ ti ṣàdúrà fún ìyàwó àti ọmọ, ẹ ti sọ ìtàn àdìrẹ náà, nọ́ńbà àkáǹtì wá bọ́ sí ìparí pátápátá. Àtẹ̀jíṣẹ́ kan kò gbà ju lẹ́tà 160 lọ, ìyẹn bó bá jẹ́ lẹ́tà Gẹ̀ẹ́sì lásán. Bí ẹ bá ti fi ẹyọ ẹ, ọ tàbí ṣ kan ṣoṣo sí i, 70 ló kù. Bó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, fóònù yín á gé e sí wẹ́wẹ́, 67 ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, nẹ́tíwọọ̀kì á gba owó lórí ọ̀kọ̀ọ̀kan, ọ̀kọ̀ọ̀kan á sì dá rìn. Fóònù tó gbà á ló máa tò ó padà. Bí ẹyọ kan bá pẹ́ lọ́nà, ó ṣeé ṣe kí oníbàárà rí àdúrà kó má rí nọ́ńbà àkáǹtì.

Nítorí náà, orúkọ yín ni kó ṣíwájú, lẹ́yìn rẹ̀ 81,000, lẹ́yìn rẹ̀ nọ́ńbà àkáǹtì onídíjíìtì mẹ́wàá, kí àdúrà wá tẹ̀ lé e. Ẹ má sì yọ àmì ìsàlẹ̀ kúrò lára ọ̀rọ̀ nítorí àtidín owó kù. Náírà díẹ̀ ni ẹ máa rí níbẹ̀.