Fáàfù idẹ tó ń pọ́n, àti háàfù íńṣì tí kì í ṣe háàfù íńṣì

Ẹ̀gbọ́n ará Òmù-Àrán, ẹ kú wàhálà omi o. Ẹ ní fáàfù idẹ tó wà nídìí táǹkì yín ń jò, pé àwọ̀ ewé ti bò ó, apá kan rẹ̀ sì ń pọ́n. Ẹ ra fáàfù háàfù íńṣì mìíràn, kò ju ìyí méjì lọ tó fi há. Ẹ wá ń bèèrè bóyá kí ẹ fi sípánà ńlá wé e wọlé, àti bóyá ọsàn wẹ́wẹ́ lè mú àwọ̀ ewé náà kúrò.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì gbé sípánà. Ojú tèmi ti rí nǹkan lórí ọ̀rọ̀ yìí.

Nílé wa ní Gàá Àkàńbí, Ìlọrin níbí, ẹ̀kán omi kan ṣoṣo ló kọ́kọ́ ń yọ lára fáàfù, á gbẹ, á tún yọ. Púlọ́ńbà ní téèpù ló ti gbó, ó tú u, ó we téèpù funfun tuntun mọ́ ọn, ó gbowó. Nígbà tó tún bẹ̀rẹ̀, wọ́n ní kí n pe ẹnjiníà. Ẹnjiníà dé, kò fọwọ́ kan fáàfù rárá. Ó tọ́ omi wò, ó mi orí, ó ní omi bọ́ọ̀hóòlù wa ló dọ̀tí, kí a máa da kílóríìnì sínú táǹkì. A ń dà á. Mo sanwó kílóríìnì, mo sanwó àyẹ̀wò omi tí n kò rí ìwé èsì rẹ̀ títí di òní. Ẹnjiníà kejì ní pọ́ńpù ló lágbára jù, ó kúkú ní pọ́ńpù mìíràn tó fẹ́ tà. Mo lọ bèèrè ní ọ́fíìsì àwọn tí ọ̀rọ̀ omi kàn. Ẹni tó jókòó síbẹ̀ kò gbójú sókè, ó ní bọ́ọ̀hóòlù aládàáni kò kan àwọn, àfi kí n kọ lẹ́tà. Lẹ́tà lórí fáàfù! Òru ni fáàfù náà wá já, ní ìdí eyín rẹ̀ gan-an, ibi tí wọ́n fi ń yí i wọlé. Gbogbo omi táǹkì ya wọ ilé ìdáná, ó bá àpò sìmẹ́ǹtì tí mo tọ́jú síbẹ̀, gbogbo rẹ̀ ló di òkúta. Ìyàwó mi kò sọ̀rọ̀, ó kàn ń gbálẹ̀. Èyí dùn mí ju sìmẹ́ǹtì lọ.

Gbogbo àwọn tó ní ìwé ẹ̀rí wọ̀nyí, kò sí èyí tó mọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Bàbá kan tó ń jó irin ní apá Ọ̀fà Gàréèjì ló mọ̀ ọ́n. Ó gba fáàfù lọ́wọ́ mi, ó fi ayùn là á sí méjì. Ìta rẹ̀ ṣì yọ̀ wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ bíi ti idẹ, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ ti pọ́n, ihò wẹ́wẹ́ kún un bí inú àkàrà. Ó fi ìṣó gún un, ó ń rún. Ó ní, “Alhaji, idẹ ti lọ, bàbà ló kù.”

Òótọ́ ló sọ. Bàbà àti síńkì ni wọ́n yọ́ pọ̀ tó di idẹ. Nínú ọ̀pọ̀ fáàfù ọjà, bí bàbà bá jẹ́ nǹkan bí 60 nínú 100, síńkì ni èyí tó pọ̀ jù nínú ìyókù. Omi tó ní iyọ̀, omi tó kan díẹ̀, omi gbígbóná, àti omi tó dúró sójú kan tí kì í ṣàn, wọ́n máa ń fa síńkì yẹn jáde díẹ̀díẹ̀. Bàbà á wá kù síbẹ̀ láìní agbára. Fáàfù kò ní rù, kò ní kéré, ojú lásán á máa rí i pé ó pé. Kílóríìnì náà wà lára ohun tó máa ń mú un yá. Ẹ wá wo ẹnjiníà mi.

Nítorí náà, àwọ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ kà. Idẹ kì í dógùn-ún bí irin. Bó bá kàn ṣú tàbí tó dúdú, atẹ́gùn àti èéfín ló fà á, kò léwu, ara òkè nìkan ló wà. Àwọ̀ ewé náà kì í yára pa idẹ, ṣùgbọ́n ó ń sọ fún yín pé omi ń yọ níbì kan, ẹ wá ibẹ̀. Èyí tí ẹ ní ó ń pọ́n yẹn ni mo ń bẹ̀rù, pàápàá bí ẹ bá rí nǹkan funfun bí ìyẹ̀fun lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ẹ fi ọ̀bẹ họ ibẹ̀. Bó bá pupa fòò lábẹ́, ẹ kà á sí òkú. Bó bá pọ́n tí ẹ sì họ ọ́ tí ẹ tún bá pupa, ẹ má tún we téèpù mọ́ ọn, owó ni ẹ ń dà nù.

Ọ̀rọ̀ eyín ló kù. Háàfù íńṣì yìí, orúkọ lásán ni. Ẹ fi rúlà wọn ìta eyín fáàfù yín, ẹ ó bá nǹkan bíi mìlímítà 21. Háàfù íńṣì gidi jẹ́ mìlímítà 12.7. Inú páìpù irin ayé àtijọ́ ni wọ́n fi sọ ọ́ lórúkọ, orúkọ náà kò sì yí padà mọ́. Tiríì-kọ́tà jẹ́ bíi 26.4 ní ìta, íńṣì kan jẹ́ bíi 33.2. Bí ẹ bá wọn tiyín tí ẹ sì bá 26, ẹ ti mọ̀ pé háàfù kọ́ ni wọ́n fi há yín.

Ibi tó ti wá burú ni pé ìdílé méjì ló wà nínú háàfù íńṣì kan náà. Ọ̀kan ni BSP, ti àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Láti ara ìlànà tí Joseph Whitworth, ẹnjiníà Gẹ̀ẹ́sì kan, gbé kalẹ̀ ní 1841 ló ti ṣẹ̀ wá, igun eyín rẹ̀ jẹ́ dígírì 55. Èkejì ni NPT, ti Amẹ́ríkà, igun tirẹ̀ jẹ́ 60. Ní háàfù íńṣì, àwọn méjèèjì ní eyín 14 nínú íńṣì kan, ìta wọn kò sì fi ìdajì mìlímítà ju ara wọn lọ. Ojú kò lè yà wọ́n. Ọ̀kan á gba èkejì wọlé fún ìyí kan tàbí méjì, wọ́n á wá há, gẹ́gẹ́ bí tiyín ṣe há. Púlọ́ńbà á ní, “Ó ń le díẹ̀ ni,” á sì fi sípánà fà á. Eyín á fọ́ eyín, téèpù á bò ó, kò ní jò lọ́jọ́ yẹn. Púlọ́ńbà ti lọ. Nígbà tó bá yá, á máa jò, tàbí kí ẹnu idẹ tó gbà á là. Ní íńṣì kan, ó rọrùn díẹ̀, nítorí BSP ní eyín 11, NPT ní 11 àbọ̀, ẹ lè fi rúlà kà á.

BSP ló pọ̀ lọ́jà wa. Àwọn nǹkan àlòkù òkè òkun ni ó sábà máa ń gbé NPT wọlé, ẹ̀rọ gbogbo náà. Bóòtì ọkọ̀ pàápàá ní irú ìwà yìí: M10, èyí tí ìta rẹ̀ jẹ́ mìlímítà 10, lè fi mìlímítà 1.5 jìnnà láàárín eyín kan sí èkejì, ó lè jẹ́ 1.25. Mẹkáníìkì tó bá fi tipátipá mú ọ̀kan wọ ibi èkejì ti ba ẹ́ńjìnnì jẹ́ fún yín, kò sì ní jẹ́wọ́.

Ohun tí ẹ máa ṣe kò le. Láìwe téèpù, ẹ fi ọwọ́ lásán yí i. Ó yẹ kó wọlé fún ìyí mẹ́ta kó tó ní kò gbà mọ́. Bí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, ẹ má dá ọlọ́jà lẹ́bi kíákíá. Ẹ kọ́kọ́ tan tọ́ọ̀ṣì sínú ihò tí èyí àtijọ́ ti jáde. Idẹ tó ti jẹrà máa ń fi eyín pupa tirẹ̀ sílẹ̀ síbẹ̀, òun ni òmíràn ń kọlù. Ẹ fi ohun ṣóńṣó wẹ́wẹ́ yọ ọ́, ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì irin nù ún, ẹ tún un gbìyànjú.

Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ẹ ní ilé adìyẹ nítòsí táǹkì? Amóníà inú ìgbẹ́ adìyẹ àti ìtọ̀ ẹran máa ń la idẹ tí wọ́n ti fún jù. Àwọn ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì ní Íńdíà rí i ní ayé àtijọ́: ìkarahun ọta ìbọn onídẹ tí wọ́n kó sí ilé ẹṣin nígbà òjò máa ń là fúnra rẹ̀. Ẹ má fi oògùn ìfọ̀dọ̀tí tó ní amóníà nu ún náà.

Ọsàn wẹ́wẹ́ lè mú àwọ̀ ewé kúrò, ẹ fi iyọ̀ díẹ̀ kún un, ẹ fi aṣọ nù ún, ẹ fi omi ṣàn án kíá. Bí ẹ bá fi í sílẹ̀ pẹ́, òun náà á fa síńkì, ara idẹ á pọ́n. Bó bá jẹ́ àwo idẹ ìyá àgbà, ẹ má tiẹ̀ họ ọ́. Ère bàbà tó jókòó, tó wá láti Tada ní Kwara wa níbí, òkúta wẹ́wẹ́ odò ni wọ́n máa ń fi fọ̀ ọ́ lọ́jọ́ Jímọ̀ láyé àtijọ́, ojú rẹ̀ ti bó.

Fáàfù tuntun, ẹ wá èyí tí wọ́n kọ CR tàbí DZR sí lára. Irú yẹn ní ohun tí kì í jẹ́ kí síńkì jáde. Ọ̀pọ̀ ọlọ́jà kò mọ̀ ọ́n, ẹ yí i wò fúnra yín. Ẹ gbé òòfà lọ. Bí òòfà bá gbá a mú, irin tí wọ́n kùn ni. Bí ẹ kò bá rí i, ẹ lo ti rọ́bà. Èyí tí ẹ rà, bó bá ṣì há tí eyín rẹ̀ kò sì tíì bàjẹ́, ẹ dá a padà lónìí, kí ọlọ́jà tó ní ẹ ti lò ó.