Ẹ má gbá a dànù o, Ìyá Ìbejì

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Igi ọsàn wẹ́wẹ́ kan wà lẹ́yìn kíṣínì mi ní Ìsarà-Rẹ́mọ níbí, àwọn kòkòrò kan wá ń jẹ ewé ẹ̀, àwọn kékeré dà bí ìgbẹ́ ẹyẹ, àwọn tó dàgbà tutù yọ̀yọ̀ bí ewé, téèyàn bá fọwọ́ kàn wọ́n báyìí wọ́n á yọ ìwo jáde, òórùn ẹ̀, háà! Lọ́sẹ̀ tó kọjá mi ò rí wọn mọ́, nǹkan kan báyìí ni mo rí tó so mọ́ ẹ̀ka igi, àwọ̀ ewé ni, òmíràn wà lára pákó fèrèsé, ìyẹn dà bí igi gbígbẹ. Wọn ò jẹun, wọn ò rìn. Ṣé wọ́n ti kú ni kí n gbá wọn dànù, àbí kí n ra òògùn kòkòrò? – Ìyá Ìbejì, Ìsarà-Rẹ́mọ

ÌDÁHÙN: Ìyá wa, ẹ gbé owó òògùn yẹn sápò ná. Wọn ò kú o, labalábá ni wọ́n ń dà. Ẹ mọ labalábá dúdú ńlá yẹn tó ní tótòtó yẹ́lò lára, tó máa ń bà lórí òdòdó tí ìyẹ́ ẹ̀ ò sì ní dúró jẹ́ẹ́, òun náà ni. Papilio demodocus ni àwọn onísáyẹ́nsì ń pè é. Orúkọ ẹyẹ alápàáǹdẹ̀dẹ̀ lòyìnbó fi sọ ìdílé ẹ̀, torí pé ọ̀pọ̀ nínú wọn ní ìrù lẹ́yìn ìyẹ́, tiwa yìí ò wá níru kankan.

Ìyá ẹ̀ ló wá yé ẹyin síbẹ̀, ẹyọ kọ̀ọ̀kan lórí ọ̀mùnú ewé, kò sì ní yé e sórí ewé ẹ̀gẹ́ láéláé, torí ewé ọsàn àtàwọn mọ̀lẹ́bí ẹ̀ làwọn ọmọ ń jẹ. Ẹ̀ẹ̀márùn-ún ni kòkòrò yẹn ń bọ́ awọ. Kó tó bọ́ ìkẹrin, ó ń fara wé ìgbẹ́ ẹyẹ kí ẹyẹ má bàa jẹ ẹ́ (ta ló fẹ́ jẹ ìgbẹ́ ara ẹ̀?), lẹ́yìn náà ló ń di àwọ̀ ewé. Ìwo tẹ́ ẹ rí yẹn, kì í ṣe ìwo, ẹran rírọ̀ ni, ẹ̀yìn orí ló ń kó o pamọ́ sí, òórùn yẹn ló fi ń lé èèrà.

Bó bá wá kù díẹ̀ kó bọ́ awọ ìkarùn-ún, á ya gbogbo ìgbẹ́ inú ẹ̀ dànù, á máa rìn kiri wá ibi tó máa dúró sí, ìdí nìyẹn tẹ́ ẹ fi rí ọ̀kan lójú fèrèsé. Á fi ẹnu hun òwú díẹ̀ síbẹ̀, á fi ìdí kọ́ ọ, á tún fi okùn tín-ín-rín kan gbá ara ẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́. Ẹ wo akọ̀pẹ tó fẹ̀yìn ti igbà lórí ọ̀pẹ, bó ṣe rí gẹ́lẹ́ nìyẹn, orí lókè, ẹ̀yìn sẹ́yìn díẹ̀. Ẹ lọ wò ó dáadáa, ẹ máa rí igbà yẹn. Awọ á wá bọ́, ohun tó wà lábẹ́ ẹ̀ lẹ̀ ń wò yẹn. Nílé ìwé tíṣà wa pè é ní pupa, orúkọ tí òyìnbó ń pè é nìyẹn, a rẹ́rìn-ín títí torí àwọ̀ ewé ni èyí tó mú dání.

Ọ̀kan náà sì ni méjèèjì o. Èyí tó wà láàárín ewé tutù á ní àwọ̀ ewé, èyí tó wà lára pákó á ní àwọ̀ pákó, tó bá sì ti mú ọ̀kan kò ní pa á dà mọ́, kì í ṣe ọ̀gà.

Iṣẹ́ tó ń lọ nínú ẹ̀ ló yà mí lẹ́nu jù. Ọ̀pọ̀ ẹran ara kòkòrò yẹn ló ń yọ́, àmọ́ kì í ṣe gbogbo ẹ̀, torí èso ìyẹ́ àti ẹsẹ̀ tuntun ti wà nínú ẹ̀ látìgbà tó ti ń jẹ ewé. Lọ́dún 2008 àwọn onímọ̀ kan ní Amẹ́ríkà fi iná mànàmáná díẹ̀ kọ́ ọmọ labalábá òru kan láti máa sá fún òórùn kan, ó di irú àpò tẹ́ ẹ rí yìí, ó jáde ní labalábá òru, ó ṣì ń sá fún un!

Ẹ fún un ní bí ọ̀sẹ̀ méjì sí mẹ́ta. Èmi náà fi àwọ̀n bo ọ̀kan ní Ìpẹ̀rù nígbà kan, ọjọ́ kẹrìndínlógún tí mo ti ṣọ́ọ̀ṣì dé ni mo bá a tó ń rọ̀ síbẹ̀, ìyẹ́ ẹ̀ rún bí aṣọ tó ti pẹ́ nínú báàgì, ó ń fún ẹ̀jẹ̀ sí i títí tó fi nà. Omi tó bá kán sílẹ̀ kì í ṣe ọgbẹ́, ìdọ̀tí inú ẹ̀ ni. Ẹ má jẹ́ kí àwọn ìbejì fi ọwọ́ ràn án lọ́wọ́ o.

ÌBÉÈRÈ: Èmi dúró de labalábá, agbọ́n kéékèèké ló lu ihò jáde. Kí ló dé? – Bàbá Olóko, Ìjẹ̀bú-Igbó

ÌDÁHÙN: Bàbá, agbọ́n ti yé ẹyin sínú ẹ̀ tipẹ́, àwọn ọmọ ẹ̀ ló jẹ ẹ́ tán látinú. Ọ̀fẹ́ ni lébìrà yẹn, tẹ́ ẹ bá fín òògùn ẹ ó pa òun náà. Igi ọsàn tó ti dàgbà ò ní kú torí kòkòrò yìí, ọmọ ọsàn tẹ́ ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ gbìn ni kẹ́ ẹ máa ṣọ́, ẹ fọwọ́ ṣà á kúrò.

ÌBÉÈRÈ: Ṣé ara irú àpò yìí ni wọ́n ti ń rí òwú sányán? Ojúde Ọba ń bọ̀ o. – Aláṣọ, Ìjẹ̀bú-Òde

ÌDÁHÙN: Rárá o. Ti sányán, Anaphe ni, labalábá òru ni tiẹ̀, ogunlọ́gọ̀ wọn ló ń kóra jọ hun ilé kan ṣoṣo, ilé yẹn ni wọ́n ń sè kí wọ́n tó ran òwú ẹ̀. Tẹ́ ẹ bá kó gbogbo igbà tó wà lórí ọsàn Ìyá Ìbejì jọ, kò lè rán bọ́tìnì kan.