Báwo ni etíkun Bar Beach l'Ékòó ṣe rí kí Eko Atlantic, ìlú tuntun tí wọ́n ń kọ́ sórí yanrìn tí wọ́n dà sí òkun níbẹ̀, tó dé?

Yanrìn lọ súà ni, ní ìhà gúúsù Victoria Island, ó kọjú sí òkun gbangba. Àwọn ará Èkó a máa ti Ìsàlẹ̀ Èkó àti Yábàá lọ gba atẹ́gùn níbẹ̀ lọ́jọ́ ọdún. Àwọn ọmọdé a gun ẹṣin, àwọn aláṣọ funfun a sì máa gbàdúrà létí omi. Ẹwà gidi ni, ó dùn mí pé àwọn ọmọ ìsinsìnyí ò mọ̀ ọ́n.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe Eko Atlantic ló kọ́kọ́ bà á jẹ́ o. Láàárín 1908 sí 1912, ìjọba amúnisìn kọ́ ògiri òkúta sí ẹnu èbúté, kí ọkọ̀ òkun lè ráyè wọlé. Láti ìwọ̀-oòrùn sí ìlà-oòrùn ni òkun ti máa ń wọ́ yanrìn lọ níbẹ̀. Ògiri yẹn dí i lọ́nà: yanrìn ń jọ sí ìhà Lighthouse Beach, etíkun tó wà ní ìwọ̀-oòrùn ẹnu èbúté, òkun sì ń jẹ ti Victoria Island wọlé. Wọ́n da yanrìn sí i léraléra, òkun ń kó o lọ, kí iṣẹ́ Eko Atlantic tó bẹ̀rẹ̀ ní nǹkan bí 2009.

Tó o bá fẹ́ rí èyí tó ṣì kù, wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Tarkwa Bay, etíkun kan nítòsí ẹnu èbúté yẹn. Kò sí afárá tó dé ibẹ̀. Omi rẹ̀ rọ̀ ju ti òkun gbangba lọ, torí ògiri òkúta yẹn náà ló ń gbà á lọ́wọ́ ìgbì.