Lùkùmí: ta ló sọ pé Olókun ni?

Ọmọ ilé ẹ̀kọ́ gíga kan bi mí lọ́sẹ̀ tó kọjá pé: "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, kí ni ìtumọ̀ Lùkùmí tí àwọn ará Kúbà ń pe èdè òrìṣà wọn? Mo gbọ́ lórí rédíò pé 'Olókun mi' ni, pé igbe tí àwọn baba ńlá wa ń ké nínú ọkọ̀ ẹrú ni òyìnbó sọ di orúkọ. Ṣé òótọ́ ni? Ṣé Yorùbá náà ni wọ́n sì ń sọ ní erékùṣù yẹn títí dòní?"

Èmi náà gbọ́ ètò yẹn. Inú bí mi débi pé mo pa rédíò kí ọkùnrin náà tó parí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Àlàyé rẹ̀ dùn létí, ó sì ń mú omi wá sójú, ìyẹn gan-an ló sì ń bà mí lẹ́rù. Ìtàn tó bá ti lè pa wá lẹ́kún, a kì í bi í pé ọmọ ta ni kí a tó gbà á sílé.

Ọ̀gbẹ́ni Alonso de Sandoval, àlùfáà ìjọ Àgùdà tó ń gbé Cartagena létí òkun Kòlóńbíà, ti dárúkọ Lukumí mọ́ àwọn ẹ̀yà tí ọkọ̀ ń kó wá sọ́dọ̀ rẹ̀ nínú ìwé tó jáde ní 1627. Ní 1668, Olfert Dapper, òǹkọ̀wé ará Nẹ́dálándì, tẹ ìwé tirẹ̀ ní Amsterdam. Ó sọ níbẹ̀ nípa ilẹ̀ kan tó pè ní Ulkami tàbí Ulkuma, tó wà láàárín Àlàdá, ní Orílẹ̀-èdè Benin òde òní, àti Ìbìní. Ó fi kún un pé àwọn ará Àlàdá kò fi bẹ́ẹ̀ ka èdè tiwọn sí, pé èdè Ulkumi yìí ni wọ́n ń fẹ́ máa sọ nítorí pé èdè ọlọ́lá ni lójú wọn. Ẹ tún un kà o. Àwọn aládùúgbò ń fi èdè wa ṣe fáàrí ní nǹkan bí 350 ọdún sẹ́yìn! Orúkọ ilẹ̀ àti èdè ni Dapper ń sọ yìí, ti àwọn èèyàn tó jókòó sílé baba wọn, tí wọ́n ń ṣòwò tí wọ́n ń ṣoko. Ta ló fẹ́ máa ké pe Olókun níbẹ̀?

Olùkù mi ni. Ọ̀rẹ́ mi. N kò ní yẹ̀ kúrò lórí èyí, ẹni tó bá fẹ́ bá mi jà kó máa bọ̀.

Ẹni tó bá jẹ́ pé Yorùbá inú ìwé nìkan ló gbọ́ lè má mọ olùkù. Ìyá tó bí ìyá mi, ará Èkìtì, kì í sọ pé ọ̀rẹ́. Olùkù ni tirẹ̀. Obìnrin kan wà tí wọ́n jọ ń ná ọjà. Láràárọ̀ ọjọ́ ọjà, kí ilẹ̀ tó mọ́ dáadáa, obìnrin yìí á ti dúró lẹ́yìnkùlé wa, kò ní kan ilẹ̀kùn, ohùn ló máa ń rán wọlé: "Olùkù mi o!" Màmá àgbà á dáhùn láti inú yàrá, "Olùkù mi!", àwọn méjèèjì á gbé ẹrù, ó di ọ̀nà. Àwa ọmọdé wá sọ obìnrin náà ní Ìyá Olùkùmi. Kò sẹ́ni tó rán wa. Ohun tó ń jáde lẹ́nu rẹ̀ la fi ń pè é, àwọn ọmọ ilé kejì gbà á lẹ́nu wa, nígbà tó yá àwọn àgbàlagbà náà ń pè é bẹ́ẹ̀. Nígbà tó kú, tí wọ́n ka orúkọ rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo ń wo ọ̀tún wo òsì pé òkú ta ni wọ́n ń sin. N kò rántí orúkọ ọ̀hún mọ́. Ìyá Olùkùmi ni mo mọ̀.

Bí wọ́n ṣe sọ odindi ẹ̀yà lórúkọ náà nìyẹn. Àwọn èèyàn wa tí ọkọ̀ ojú ogun Gẹ̀ẹ́sì gbà sílẹ̀ lọ́wọ́ olówò ẹrú, tí wọ́n já sí Freetown, kí ni wọ́n ń pè wọ́n níbẹ̀? Akú. Nítorí kí ni? Ẹ kú àárọ̀, ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú ìjókòó, ẹ kú ewu. Koelle, ará Jámánì tó kó ọ̀rọ̀ èdè Áfíríkà jọ níbẹ̀, sọ nínú ìwé rẹ̀ tó jáde ní 1854 pé ìkíni wọn ló di orúkọ wọn. Inú rẹ̀ kò tilẹ̀ dùn sí bí àwọn míṣọ́nárì ṣe ń fi "Yorùbá" pe gbogbo wa, torí ẹ̀ka kan ṣoṣo ni orúkọ yẹn jẹ́ nígbà náà. Àwa náà kọ́ là ń pe Nupe ní Tápà? A ha bi wọ́n kí a tó sọ wọ́n bẹ́ẹ̀?

Ẹnìkan ti kọ̀wé sí mi nígbà kan pé àwọn Ọ̀yọ́ kì í sọ olùkù, bẹ́ẹ̀ "Lucumí Eyó", ìyẹn Ọ̀yọ́, pọ̀ rẹpẹtẹ ní Kúbà. Ó rò pé òun ti mú mi. Orúkọ tí àjèjì bá fún ọ, ó ń bi ọ́ ni? Àwọn ọmọ Ìbìní tó mọ ọ̀nà Èkìtì, Ọ̀wọ̀ àti Oǹdó lè ti gbọ́ olùkù lẹ́nu àwọn ará ibẹ̀ kí òyìnbó tó gbọ́ nípa Ọ̀yọ́ rárá. Ẹ sì wo "Ulkumi" fúnra rẹ̀: fáwẹ̀lì iwájú ṣì wà níbẹ̀, lẹ́tà l, k àti m tẹ̀ lé ara wọn bó ṣe yẹ. Ẹnu àwọn Sípéènì ló gé orí rẹ̀, bó ṣe gé orí Ìjẹ̀bú tó di Yebú.

Ẹ̀rí tó ṣì ń mí wà nítòsí pẹ̀lú. Ní ìjọba ìbílẹ̀ Aniocha North, Ìpínlẹ̀ Delta, ní Ugbodu àti Ukwunzu, àwọn kan wà tí Ìgbò yí ká, tí wọ́n ń pe ara wọn àti èdè wọn ní Olùkùmi. Ẹ bi wọ́n ní ìtumọ̀ rẹ̀, "ọ̀rẹ́ mi" ni wọ́n máa sọ. Àwọn wọ̀nyí kò wọ ọkọ̀ ẹrú láti jẹ́ orúkọ yìí, Olókun kò bá wọn tan.

Ìbéèrè kejì: rárá o, èdè Sípéènì ni wọ́n ń sọ ní Kúbà, òun náà sì lámùúlùmálà nínú. Àwọn ará erékùṣù Kánárì tó ṣí lọ síbẹ̀ gbé ọ̀rọ̀ tiwọn lọ. Àwọn ará Ṣáínà bẹ̀rẹ̀ sí í dé ní 1847. Ní ìlà oòrùn erékùṣù náà, ẹ ó gbọ́ Kíríó ti Háítì. Ti àwọn ọmọ Áfíríkà ló gbòòrò jù, torí àwọn tí wọ́n kó lọ ju 700,000 lọ kí òwò yẹn tó dópin, 1886 ni oko ẹrú fúnra rẹ̀ sì tó parí níbẹ̀. Àwọn ará Kóńgò ní èdè awo tiwọn, àwọn tó ti Dàhòmì wá ń jẹ́ Arará. Àwọn tó ti Calabar wá dá ẹgbẹ́ awo ọkùnrin tó ń jẹ́ Abakuá sílẹ̀ ní Regla, lẹ́bàá Havana, ní 1836, ọ̀dọ̀ wọn sì ni ìkíni kan ti jáde, asere, tí gbogbo ọ̀dọ́ Havana fi ń pe ọ̀rẹ́ wọn báyìí. Ṣé ẹ rí i? Ìkíni di ọ̀rẹ́ lọ́hùn-ún, ọ̀rẹ́ di ẹ̀yà ní tiwa. Lórí erékùṣù kan náà!

Tiwa pọ̀ jù lẹ́yìn tí ogun fọ́ Ọ̀yọ́ Ilé láàárín 1830 sí 1840. Àwọn Sípéènì gbà kí àwọn tó gbọ́ èdè ara wọn ní ẹgbẹ́ tí wọ́n ń pè ní cabildo. Ti àwọn Ìjẹ̀ṣà ní ìlú Matanzas ti wà láti 1845, Iyesá ni wọ́n ń pe ara wọn. Nínú irú ilé bẹ́ẹ̀ ni Lùkùmí fara pa mọ́ sí. Kì í ṣe èdè tí wọ́n fi ń ná ọjà mọ́, èdè àdúrà, orin àti ìbọ ni, tí wọ́n ń kọ sínú ìwé kékeré fún ara wọn. Ohùn òkè àti ohùn ìsàlẹ̀ ti lọ pátápátá: ọkọ, ọkọ́, ọkọ̀ àti oko ti di ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Ṣ di ch, ni Ṣàngó fi di Changó. J di y, ni Yemọja fi di Yemayá.

Èyí tó kù nínú rẹ̀ ló yẹ kó yà wá lẹ́nu. Ní ọdún Ọ̀ṣun kan ní Òṣogbo, mo bá obìnrin àgbàlagbà kan pàdé tó ti Matanzas wá, aṣọ funfun, ìlẹ̀kẹ̀ ìyeyè lọ́rùn, ọ̀dọ́mọkùnrin kan ń túmọ̀ fún un. Ọmọbìnrin kan gbé igbá kọjá, ó ń kiri omi inú ọ̀rá: "Omi tútù rèé!" Obìnrin yìí dúró gbagidi. Ó ṣí ọwọ́, ó bẹ̀rẹ̀: "Omi tuto, ona tuto, ilé tuto, tuto Laroye, tuto arikú babawá." Omi tútù, ọ̀nà tútù, ilé tútù, tútù Láróyè, ìyẹn Èṣù. Arikú yẹn, àìkú ni mo kà á sí, torí nígbà tí wọ́n bá ń dáfá lọ́hùn-ún, "iré arikú" ni wọ́n ń pe ire àìkú. Ohun tí wọ́n máa ń sọ nìyẹn bí wọ́n bá ń ta omi sílẹ̀ kí ìbọ tó bẹ̀rẹ̀. Ọmọ olómi rò pé ó fẹ́ rà ni, ó ti sọ igbá kalẹ̀, ó ń bi í pé mélòó. Kò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ẹnu òun ni ìyá yìí gbé ti òkè òkun bọ̀.

Mo dá sí i, mo ń tún àwọn ọ̀rọ̀ náà pè fún un pẹ̀lú ohùn wọn, mo ń ṣe bí olùkọ́. Ó gbọ́ mi tán, ó ní kí wọ́n bi mí bóyá mo ti ṣe òrìṣà. Mo ní rárá, ọmọ ìjọ ni mí. Ó rẹ́rìn-ín, ó fọwọ́ kàn mí léjìká, ó sọ ọ̀rọ̀ kan. Ọ̀dọ́mọkùnrin yẹn kò fẹ́ túmọ̀ rẹ̀, ojú ń tì í. Mo ní kó má ṣe wàhálà, mo gbọ́ ọ. "Aleyo" ló wí. Orúkọ tí wọ́n ń pe ẹni tí kò tíì wọlé òrìṣà ní Kúbà nìyẹn. Àlejò. Ní Òṣogbo, létí odò Ọ̀ṣun, èmi tí mò ń kọ́ ọ ní ohùn!

N kò lè bá a jiyàn. Àwọn ọmọ-ọmọ tèmi ní Èkó, "pàdí mi" ni wọ́n ń sọ, mo bi àgbà wọn ní olùkù, ó ní ṣé olùkọ́ ni mo fẹ́ sọ.

Nítorí náà, ọmọ mi, nínú iṣẹ́ tí o ń kọ, ọ̀rọ̀ méjì ni kí o kọ ọ́ sí, olùkù mi, pẹ̀lú àmì ohùn, kí o sì pa Olókun rẹ́. Bí o bá mọ ẹnikẹ́ni ní Ugbodu, bá mi béèrè lọ́wọ́ àwọn ìyá àgbà ibẹ̀ bí wọ́n ṣe máa ń dáhùn bí olùkù wọn bá pè wọ́n láti ẹ̀yìnkùlé.